Níbo Ni Ọwọ́ Rollie Vanek Wà?

Yáàdì kan péré ló kù kí wọ́n gba ayò wọlé. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin ló kù. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún ènìyàn ti dìde dúró nínú òtútù oṣù kọkànlá ọdún 1968 ní Nebraska. Àsìkò yẹn gan-an ni Rollie Vanek yàn láti máa fi ọwọ́ júwe.

Kọ́tabáàkì ni Rollie, nínú bọ́ọ̀lù àfọwọ́jù ti Amẹ́ríkà. Òun ló ń sọ ohun tí gbogbo ẹgbẹ́ máa ṣe, ọ̀dọ̀ rẹ̀ sì ni bọ́ọ̀lù ń kọ́kọ́ dé. Gus Petska ló ń fi bọ́ọ̀lù náà lé e lọ́wọ́. Sẹ́ntà ni Gus: á bẹ̀rẹ̀ níwájú Rollie, á sì ti àárín ẹsẹ̀ ara rẹ̀ gbé bọ́ọ̀lù sẹ́yìn. Kì í wẹ̀yìn. Kò ṣeé wẹ̀yìn, nítorí ọkùnrin tó tóbi bíi màlúù máa ń dúró níwájú rẹ̀, tó fẹ́ wó lù ú. Iṣẹ́ Gus ò ju méjì lọ. Kó ka iye ìgbà tí Rollie bá pariwo “Họ́ọ̀tì!” Kó sì gbà pé ọwọ́ wà lẹ́yìn òun.

Họ́ọ̀tì kejì ni àdéhùn ọjọ́ náà. Rollie pe àkọ́kọ́. Ó pe èkejì. Gus gbé bọ́ọ̀lù sẹ́yìn.

Kò sí ọwọ́ níbẹ̀.

Ọwọ́ ọ̀tún Rollie wà lókè, ó ń júwe ibi tí ẹni tó máa sáré yẹ kó dúró sí. Ọwọ́ òsì ń ràn án lọ́wọ́. Bọ́ọ̀lù kan orúnkún rẹ̀, ó ta nù, mẹ́fà nínú àwọn ará Kansas tó ń bá wọn gbá sùn lé e. Eré parí. Ife-ẹ̀yẹ lọ. Nígbà tí Gus máa fi gbé ojú sókè nínú ẹrẹ̀, Rollie ti gbé ọwọ́ lé ìbàdí, ó ń mi orí bíi tíṣà tí akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ dójú tì.

“Gus,” ó ní, “kí ló ń lé ẹ?”

Ọdún mẹ́tàlélógójì ni Gus fi ń dáhùn ìbéèrè yẹn.

Ó yẹ kó dáhùn rẹ̀ lọ́jọ́ náà gan-an. Àwọn oníròyìn yí i ká nínú yàrá ìmúra, ó ti la ẹnu. Ìgbà yẹn ló rí ọkùnrin ará Milwaukee kan lẹ́nu ọ̀nà, pẹ̀lú ìwé àti gègé. Ẹgbẹ́ akọ́ṣẹ́mọṣẹ́ ló rán an wá wo Rollie. Gus wo gègé náà. Ó wo Rollie, tí kò mọ iṣẹ́ mìíràn láyé. Ó pa ẹnu dé.

“Ọwọ́ mi ló yá jù,” ó ní.

Irọ́ ọjọ́ kan ni lọ́kàn rẹ̀. Tí Rollie bá ti rí iṣẹ́, òun fúnra rẹ̀ á sọ òótọ́. Ìwé ìròyìn ọjọ́ kejì gbé àwòrán Gus jáde, pẹ̀lú ẹrẹ̀ títí dé etí. Ìyá rẹ̀ àgbà gé e, ó lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara firíìjì, nítorí kò sẹ́ni tó tíì gbé orúkọ Petska sínú ìwé ìròyìn rí.

Milwaukee ránṣẹ́ pe Rollie lóòótọ́. Gus ló wa ọkọ̀ gbé e lọ, torí Rollie gbà pé ẹni tó ń wakọ̀ kò lè sọ̀rọ̀ dáadáa. Lindqvist, ọ̀gá ẹgbẹ́ náà, gbé ìwé síwájú rẹ̀ pé kó fọwọ́ sí i. Rollie kò wo ìwé.

“Ẹni yìí ńkọ́, sà?”

“Ta nìyẹn?”

“Sẹ́ntà mi.”

“A ní sẹ́ntà mẹ́ta.”

“Ẹ lé ọ̀kan. Tí ẹ bá gba tèmi, ẹ ṣì ní mẹ́ta.”

Lindqvist na ọrùn wo Gus. “Ṣé kì í ṣe ẹni tó sọ bọ́ọ̀lù nù ní Nebraska nìyí?”

“Òun ni,” Rollie ní, láìṣẹ́jú. “Ìdí nìyẹn tó fi yẹ kó wà níbi tí ojú mi á ti máa tó o.”

Wọ́n ní rárá. Rollie kò dìde. Ó yọ búrẹ́dì ẹlẹ́ran ẹlẹ́dẹ̀ jáde nínú àpò kóòtù rẹ̀, ó ń jẹ ẹ́ díẹ̀díẹ̀ bí ẹni tó ní kó dọdún. Ní aago mẹ́ta, akọ̀wé gbé kọfí wá fún un. Ní aago márùn-ún, ó gbé ìwé kejì wá. Orúkọ Gus ló wà lórí rẹ̀. Wọ́n kọ ọ́ ṣì, ṣùgbọ́n òun ni.

Nígbà tí wọ́n ń padà lọ sílé, Gus kò mọ̀ bóyá kí òun dì mọ́ ọkùnrin náà ni o, tàbí kí òun tì í jáde kúrò nínú ọkọ̀. Ọgọ́rùn-ún máìlì ló fi rò ó. Rollie sùn.

Sáà méje ni wọ́n ṣe ní Milwaukee. Ṣé ká sọ òótọ́? Ọwọ́ Rollie dára. Nígbà tó bá wà níbi tó yẹ kó wà, kò sí ẹni tó lè ju bọ́ọ̀lù bíi tirẹ̀. Eré sísá ni kò mọ̀. Ó lọ́ra débi pé ẹni tó bá ń lé e á kọ́kọ́ dúró, á rò pé ẹ̀tàn ni. Ẹ̀ẹ̀mejì ló ti tipa bẹ́ẹ̀ gba àmì ayò wọlé.

Àìgbọràn ni ìṣòro. Kóòṣì Brandt á rán agbábọ́ọ̀lù kan wọ pápá pẹ̀lú iṣẹ́ tó fẹ́ kí wọ́n ṣe.

“Kóòṣì ní kí ẹ gbé e sáré.”

“Bá mi kí wọn,” Rollie á ní. Á sì jù ú.

Tó bá já sí ayò, á rìn padà sẹ́bàá pápá pẹ̀lú ojú ọmọ tuntun. Tí kò bá já sí i, “Kóòṣì, Gus ló dí mi lójú.” Gus rèé, ẹ̀yìn rẹ̀ ló kọ sí i. Orí rẹ̀ wà nísàlẹ̀ láàárín ẹsẹ̀ ara rẹ̀. Ojú ta ló fẹ́ dí?

Ní sáà kẹta, Brandt dá ọgbọ́n kan. Ohun tí kò fẹ́ ni yóò máa ránṣẹ́ pé kí wọ́n ṣe. Bó bá fẹ́ kí wọ́n sáré, á ní kí wọ́n jù ú. Ọ̀sẹ̀ méjì gbáko ni Rollie fi ṣe gbogbo ohun tí kóòṣì fẹ́, láìmọ̀. Ni eré bá le ní ọjọ́ Sunday kẹta. Brandt fẹ́ kí wọ́n sáré. Ó ránṣẹ́: ẹ jù ú.

Rollie wo kóòṣì lọ́ọ̀ọ́kán. Ọkàn rẹ̀ rọ̀.

“Ọkùnrin yìí ti ń dàgbà,” ó sọ fún àwọn tó kó orí jọ yí i ká. “Ẹ jẹ́ ká ṣe tiẹ̀ lẹ́ẹ̀kan.”

“Rollie,” Gus ní, “má ṣe é.”

“Gus, o ò láàánú.”

Ó jù ú. Àwọn ọ̀tá gba bọ́ọ̀lù náà. Brandt bọ́ fìlà rẹ̀, ó kì í bọ inú korobá omi. “Ẹ ṣáà ti rí i,” Rollie sọ fún àwọn oníròyìn. “Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nìyẹn tí mo bá gbọ́ràn.”

Orúnkún ló dá a dúró níkẹyìn. Ní ọdún 1976, wọ́n mú kọ́tabáàkì tuntun wá, wọ́n sì fún Rollie ní lẹ́tà pé kó máa lọ. Ó kà á, ó ká a, ó fi í sápò. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, ó wá síbi ìdánrawò pẹ̀lú aṣọ pípé.

Wọ́n kó orí jọ. Wọ́n di méjìlá dípò mọ́kànlá. Kóòṣì ka orí, ó tún un kà. Kọ́tabáàkì tuntun bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé ohun tí wọ́n máa ṣe, Rollie sì ń tún un ṣe fún un: “Rárá, àbúrò, tìẹ ò burú, ṣùgbọ́n ẹni yẹn kì í gba apá yẹn sáré.” Kóòṣì wo Gus.

Gus di apá rẹ̀ mú. Wọ́n jọ rìn jáde, díẹ̀díẹ̀, nítorí orúnkún. Ẹnu géètì ni Rollie tó sọ̀rọ̀.

“Wọ́n ní kí n máa lọ.”

“Mo gbọ́.”

“Ìwọ ńkọ́?”

Kò sẹ́ni tó fún Gus ní lẹ́tà. Ọdún méjì ló kù nínú àdéhùn rẹ̀. “Èmi náà,” ó ní. Ó sì lọ kọ̀wé tirẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn.

Rollie mi orí tìkẹ́dùntìkẹ́dùn. “Bọ́ọ̀lù Kansas yẹn ni, àbí? Mo ti bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n gbàgbé ẹ̀.”

Báyìí ni wọ́n ṣe padà sí Vesely, ìlú wọn. Gus ń tún katakata ṣe. Rollie ń ta irúgbìn àgbàdo, ìyẹn ni pé ó ń sọ̀rọ̀, àwọn àgbẹ̀ sì ń ra àgbàdo kó lè jẹ́ kí wọ́n lọ. Tó bá di àárọ̀ Sátidé, ilé kọfí. Ìtàn kan náà. Bọ́ọ̀lù fò bíi ẹyẹlé nínú ìtàn náà, Gus ń gbọ̀n bí ewé, Rollie nìkan ló dúró bí òkè. Gbogbo ilé kọfí á máa lu tábìlì. Ọ̀rọ̀ àgbà ní agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Odidi ìlú ni Vesely, òṣìkà ni gbogbo wọn.

“Rollie, sọ òótọ́,” Gus á ní. “Ọwọ́ ẹ wà lókè.”

“Ẹ gbọ́ ọ? Ọwọ́ tó ń yá jù, ẹnu tó ń yá jù.”

Ní ọdún 1994, Gus rí fíìmù eré náà gbà ní kọ́lẹ́jì. Ó gbé ẹ̀rọ wá sí ilé kọfí, ó ta aṣọ funfun mọ́ ògiri, ó sì tan fíìmù náà. Ó hàn gbangba. Gbogbo àwọn ọmọ ẹgbẹ́ gbéra lẹ́ẹ̀kan náà pẹ̀lú Gus. Gbogbo wọn. Rollie nìkan ló dúró, ọwọ́ méjèèjì lókè, bí ẹni tó ń darí akọrin.

Rollie wo aṣọ funfun náà pẹ́.

“Ṣé ẹ rí i?” ó ní, pẹ̀lú ohùn jẹ́jẹ́. “Àwọn mẹ́wẹ̀ẹ̀wá ló yára jù. Irú ìyà tó jẹ mí nìyẹn.”

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ẹnìkan fi da kọfí sórí ẹ̀rọ.

Èyí tó burú jù lọ ni ti ilé ìwòsàn, ní ọdún 2011. Ọkàn Rollie ti rẹ̀, dókítà sì ti mi orí. Gus jókòó tì í. Nọ́ọ̀sì jáde. Darlene, ìyàwó Rollie, lọ pe àwọn ọmọ lórí fóònù.

“Àwa méjì ló kù síbí,” Gus ní. “Kò sẹ́ni tó máa gbọ́. Mo bẹ̀ ẹ́. Sọ ọ́ fún mi.”

Rollie fi ìka pè é. Gus gbé etí sún mọ́ ọn, omi ti ń bọ̀ lójú rẹ̀.

“Gus,” Rollie ní, “wọ́n ní o ti ń ra ẹ̀pà jẹ láì fi díẹ̀ pamọ́ fún mi.”

Ọjọ́ Tuesday ló kú. Láìsọ ọ́. Ọkùnrin burúkú.

Lẹ́yìn ìsìnkú, wọ́n kóra jọ sí yàrá ìsàlẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì. Búrẹ́dì ẹlẹ́ran, sàláàdì ọ̀dùnkún, kóláṣì, àkàrà òyìnbó tí wọ́n fi èso sí láàárín. Gbogbo ilé kọfí ló wá. Oúnjẹ ń lọ, ẹ̀rín ò lọ. Ni ẹnìkan bá ní, “Gus, sọ ti bọ́ọ̀lù Kansas. Ìwọ nìkan ló kù tó lè sọ ọ́.”

Gus dìde. Ọdún mẹ́tàlélógójì ló ti ń dúró de ìgbà yìí, ìgbà tí ẹnikẹ́ni kò ní já lu ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó sọ ọ́. Họ́ọ̀tì kìíní, họ́ọ̀tì kejì, ọwọ́ lókè, orúnkún, ẹrẹ̀. Ó sọ ìdí tó fi parọ́ fún oníròyìn. Kò fi iyọ̀ sí i. Kò gbà ju ìṣẹ́jú méjì lọ.

Ẹnìkan wú ikọ́.

“Ó dáa, Gus,” àgbẹ̀ kan ní. “A gbà ẹ́ gbọ́.”

Wọ́n gbà á gbọ́ lóòótọ́. Ó rí i lójú wọn. Gbogbo Vesely, lẹ́ẹ̀kan náà, láì jiyàn. Kò sẹ́ni tó lu tábìlì. Ìtàn náà kàn wà nílẹ̀ níbẹ̀ bí ọbẹ̀ tó ti tutù, ó sì dà bíi pé ìgbà yẹn gan-an ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rọ́ yẹ̀pẹ̀ lé Rollie.

“Ṣé kò sẹ́ni tó máa bá mi jiyàn ni?” Gus béèrè.

Darlene ń bu kọfí. Ó wà nínú àwọn èrò lọ́jọ́ eré 1968 náà, ó jókòó níwájú pátápátá, ó sì fi ojú ara rẹ̀ rí ọwọ́ Rollie méjèèjì lókè. Ó gbé ìkòkò kọfí kalẹ̀.

“Irọ́ ni,” ó ní. “Gus Petska, o ò tijú. Níbi òkú ẹni ẹlẹ́ni? Ìwọ lo yára jù.”

“Darlene!”

“Mo wà níbẹ̀.”

“O ò wọ gíláàsì nígbà yẹn!”

“Ojú mi mọ́ nígbà yẹn, ìdí nìyẹn tí mi ò fi wọ̀ ọ́. Ó ń gbọ̀n bí ewé, ẹ̀yin èèyàn. Mo rí i.”

Ẹnìkan bú sẹ́rìn-ín. Ẹlòmíràn lu tábìlì. “Ewé wo?” Gus ń pariwo. “Ewé wo ló ń gbọ̀n?” Ó fa àga, ó jókòó kojú Darlene, ó sì gbá kóláṣì kan mú. Láti ọjọ́ Tuesday, oúnjẹ àkọ́kọ́ tó kàn án lẹ́nu nìyẹn. Omijé ń ṣàn lójú Darlene. Kò nù ún. Ó na ọwọ́ rẹ̀ síwájú, ó ń ka ẹ̀rí lórí ìka fún un, ọ̀kọ̀ọ̀kan, gbogbo wọn ló jẹ́ irọ́.

Gus kò gba ẹyọ kan nínú wọn. Ó ní kó tún wọn kà.