Fọ́nrán Dígí Kan

Ọmọ mi kì í jókòó sí ọwọ́ ọ̀tún mi. Bí a bá wọ ọkọ̀, bí a bá dé ṣọ́ọ̀ṣì, ọwọ́ òsì mi ló máa ń bọ́ sí, torí ojú ọ̀tún nìkan ló fi ń rí mi. Ojú òsì ní àmì funfun kan lórí dúdú ẹyinjú, kò ju orí ìṣáná lọ. Ó ti pé ọmọ ọdún mẹ́fà báyìí. Bí wọ́n bá bi mí léèrè, mo máa ń sọ pé àìsàn ojú ló ṣe é nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́. Irọ́ kọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo rẹ̀ nìyẹn.

Kí fóònù alágbèéká tó dé Ifẹ̀ rárá, àwọn agbaṣẹ́ṣe kan wá láti Ìbàdàn láti ri wáyà tuntun kan mọ́lẹ̀ nínú ọgbà yunifásítì, kí kọ̀ǹpútà inú ilé kan lè máa bá ti ilé kejì sọ̀rọ̀. Fáíbà ni wọ́n ń pè é. Bí o bá rí i lóde, okùn dúdú lásán ni, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá bó o, fọ́nrán dígí ló wà nínú rẹ̀, tín-ín-rín bí irun orí ọmọ tuntun. Mo ti jáde ilé-ẹ̀kọ́ girama, mo sì ti wá iṣẹ́ títí ó fi sú mi. Òṣogbo ni ọkọ mi ti ń ṣiṣẹ́, ọjọ́ Ẹtì ló ń wálé. Ọmọ wa jẹ́ ọmọ oṣù méje. Ìyá ọkọ mi, tí à ń gbé lọ́dọ̀ wọn ní agboolé wọn ní Ìrẹmọ, ní kí n lọ gba iṣẹ́ náà, àwọn á máa bá mi tọ́jú ọmọ. Màmá ni mo ń pè wọ́n.

Ìbẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ náà kò le. Wọ́n ti ri páìpù mọ́lẹ̀ láti ilé dé ilé, pẹ̀lú ihò onídèérí níbi tí páìpù kan ti pàdé òmíràn. A ó ṣí ìdérí, a ó sì fi í sílẹ̀ kí atẹ́gùn fẹ́ sí i dáadáa kí ẹnikẹ́ni tó wọ ibẹ̀, torí afẹ́fẹ́ burúkú máa ń dúró sí ìsàlẹ̀ ihò. Lẹ́yìn náà, àwọn ọkùnrin á máa fa wáyà láti ihò kejì, èmi á bẹ̀rẹ̀ sí ẹnu páìpù tiwa, n ó máa fi omi ọṣẹ ra wáyà náà lára kí ó lè yọ̀ wọlé. Ọ̀gá wa, bàbá kan tí irun wọn ti ń funfun, ní kí a má fi agbára fà á, kí a má sì ká a bí ẹní ká okùn kànga, torí dígí inú rẹ̀ á ṣẹ́ láìsí ẹni tó máa mọ̀.

Aṣọ iṣẹ́ alásopọ̀, ẹ̀wù òun ṣòkòtò lódidi, ni wọ́n fún gbogbo wa. Lọ́jọ́ kan, Màmá ń kọjá, wọ́n rí mi níbi tí mo bẹ̀rẹ̀ sí, tí ìdí mi kọjú sí títì. Nílé ni wọ́n ti pè mí jókòó. Wọ́n ní àwọn ò ní kí n má ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n ìyàwó ilé wa kì í fi ìdí ṣòkòtò han àna lójú pópó. Wọ́n ṣí àpótí aṣọ wọn, wọ́n fún mi ní ìró àdìrẹ kan kí n máa ró o lé ṣòkòtò. Mo fẹ́ràn ìró náà, ó ti rọ̀ nítorí ọ̀pọ̀ ọdún tí wọ́n ti fi ń fọ̀ ọ́.

Nígbà tí ọ̀gá rí i lára mi, wọ́n rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, “Ìyàwó, ṣé ọjà lò ń lọ ni?” Lẹ́yìn náà ni wọ́n wá sọ fún mi pé nídìí páìpù, kò burú, ṣùgbọ́n tí a bá ti dé ìdí àpótí, kí n tú u kúrò.

Àpótí tí wọ́n ń wí, irin ni, wọ́n ń kàn án mọ́ ògiri nínú ilé kọ̀ọ̀kan. Ibẹ̀ ni okùn ńlá ti ń pín sí wẹ́wẹ́, ibẹ̀ ni ọ̀gá ti ń bó o, tí wọ́n ń gé dígí, tí wọ́n sì ń so ó pọ̀. Iṣẹ́ tèmi ni kíkó àgékù. Gbogbo orí fọ́nrán tí ọ̀gá bá gé, mo gbọ́dọ̀ fi sẹ́lótéèpù gbé e, kí n lẹ̀ ẹ́ mọ́ páálí kan, torí bí ó bá bọ́ sílẹ̀, ojú kò ní rí i mọ́, bẹ́ẹ̀ ó lè wọ ènìyàn lára. Bí a bá parí, ọ̀gá á ka iye tí wọ́n gé, wọ́n á ka iye tó wà lórí páálí. A kì í jẹun níbẹ̀, a kì í fọwọ́ kan ojú. Gbogbo ohun tí a bá wọ̀ ṣiṣẹ́, ibẹ̀ la gbọ́dọ̀ bọ́ ọ sí.

Lọ́jọ́ kan tí a wà nídìí àpótí, mi ò tú ìró. Àbúrò ọkọ mi kan jẹ́ akọ̀wé nínú ilé tí a wà lọ́jọ́ náà, ó ń gba ẹ̀gbẹ́ wa kọjá ṣáá. Ọ̀gá kọjú sí àpótí, wọn ò wẹ̀yìn. Mo wí fún ara mi pé ìró tí mo tẹ́ sórí itan yìí gan-an ni kò ní jẹ́ kí àgékù bọ́ sílẹ̀.

Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, mẹ́rìnlélógún ni ọ̀gá gé, mẹ́tàlélógún ló wà lórí páálí. Wọ́n kúnlẹ̀, wọ́n ń tan tọ́ọ̀ṣì sí ilẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ kan kí dígí náà lè kọ mànà. Èmi náà ń wá a. Ọmú mi ti kún, wàrà ti rin ẹ̀wù mi níwájú, ó ń dùn mí, ojú sì ń tì mí. Mo mọ̀ pé ọmọ á ti máa sunkún nílé.

Ọ̀gá ní, “A ò ní kúrò níbí àfi tí a bá rí i.”

Mo yíjú sí ògiri. Mo fi èékánná ṣẹ́ ọ̀kan lára àwọn tó wà lórí páálí sí méjì, mo lẹ apá kan rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́. Mo ní, “Mo ti rí i, sà. Abẹ́ àpótí ló wà.”

Wọ́n kà á, ó pé. Wọ́n ní, “O ṣeun, ìyàwó. Ojú rẹ mú ju tèmi lọ.”

Mo bọ́ aṣọ iṣẹ́ síbẹ̀, mo fọ ọwọ́ dé ìgúnpá, mo wọ bùbá mi. Ìró náà ni mo ró wálé. Ọmọ ń ké lẹ́yìn Màmá nígbà tí mo wọlé, omijé àti ikun ti bo ojú rẹ̀. Mo gbà á, mo fi ọmú sí i lẹ́nu, mo fa etí ìró, mo fi nù ún lójú. Bí mo ṣe máa ń ṣe lójoojúmọ́ ni.

Ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, ojú òsì ọmọ pọ́n, kò lè là á. Màmá ní àpólò ni. Àpólò wà ní agboolé lóòótọ́ lọ́sẹ̀ náà, ọmọ méjì ló ti ń ṣe. Wọ́n ní kí n máa fún ọmú sí i lójú láàárọ̀ àti lálẹ́, bí àwọn ti ṣe fún gbogbo ọmọ tí àwọn bí. Mo ṣe é. Bí wàrà bá ti kán sí i, ọmọ á fi orí gbá mi láyà.

Ní ọ̀sán ọjọ́ náà, mo ń ká ìró, nǹkan kan gún mi níka. Mo wò ó, mi ò rí ohunkóhun. Fọ́nrán náà ti ṣẹ́ sínú aṣọ ni, mo sì mọ ibi tí ìyókù rẹ̀ wà. Láti ìgbà yẹn ni mo ti mọ̀, mi ò sì sọ. Mo ń ro iṣẹ́ tí wọ́n á gbà lọ́wọ́ mi, mo ń ro bí ọ̀gá ṣe máa pè mí ní òpùrọ́. Mo bẹ̀rẹ̀ sí gbàdúrà kí ó jẹ́ àpólò. Mo gba àdúrà yẹn títí di ọjọ́ karùn-ún, ọmú ni mo sì ń fún sí ojú náà.

Lọ́jọ́ karùn-ún, mo rí ohun funfun lórí dúdú ẹyinjú rẹ̀. Mo gbé e pọ̀n, mo lọ bá ọ̀gá níbi iṣẹ́, mo kúnlẹ̀, mo sọ gbogbo rẹ̀ títí kan èyí tí mo ṣẹ́ sí méjì. Wọn ò bú mi. Ìbá sàn kí wọ́n bú mi. Wọ́n kó irinṣẹ́ wọn jọ, wọ́n fi ọkọ̀ iṣẹ́ gbé wa lọ sí ilé ìwòsàn.

Dókítà ojú fi ẹ̀rọ wò ó, ó yọ ohun kan, ó gbé e sórí òwú kí n rí i. Ìgbà tí iná bà á ni mo tó rí i. Mo bi í bóyá ojú náà á là. Ó ní egbò ibẹ̀ ti jinlẹ̀, ó ti kẹ̀. Bó bá jinná pàápàá, àpá rẹ̀ ló máa dí i. Mo ní ká ní mo ti wá lọ́jọ́ kejì ńkọ́.

Ọmọ ni dókítà ń wò, kò wò mí. Ó ní, “Ìyá ọmọ, ẹ jẹ́ ká tọ́jú èyí tó kù.”

Ojú kan ló kù, a sì tọ́jú rẹ̀. Mi ò sọ ọ̀rọ̀ fọ́nrán náà fún ẹnikẹ́ni nílé. Ṣùgbọ́n Màmá gbà pé ọmú tí àwọn ní kí n fún sí i ló bà á jẹ́. Kò sẹ́ni tó sọ bẹ́ẹ̀ fún wọn. Ẹnu ọ̀nà ni wọ́n ń jókòó sí, oúnjẹ kì í wọlé fún wọn, wọ́n ń sọ pé àwọn ló fọwọ́ ara àwọn fọ́ ọmọ ọmọ àwọn lójú. Ọkọ mi ń pẹ̀tù sí wọn nínú. Èmi náà ń pẹ̀tù, mo sì ń jẹ́ kí wọ́n gbà á bẹ́ẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi ṣe é. Nínú gbogbo ohun tí mo ṣe, èyí ló ń dójú tì mí jù.

Lọ́jọ́ kan, mo na ọmọ sí wọn kí n lè rí àyè yí ọkà. Wọ́n kó ọwọ́ sẹ́yìn. Wọ́n ní, “Gbé e lọ, ìyàwó. Ọwọ́ mi ò dáa.”

Ibẹ̀ ni mo jókòó sílẹ̀ níwájú wọn, tòun tọmọ, mo sì sọ ọ́: fọ́nrán tó kù, irọ́ tí mo pa, etí ìró, àti ọjọ́ tí mo fi mọ̀ tí mi ò sọ. Omi ọkà hó dànù lórí iná. Màmá ní ìró wo. Mo ní èyí tí wọ́n fún mi.

Wọ́n ní, “Èmi ni mo ní kí o ró o.”

“Ẹ̀yin kọ́ lẹ ní kí n purọ́, Màmá.”

Wọ́n ní kí n gbé e wá. Inú ọ̀rá ni mo dì í sí, lábẹ́ ibùsùn. Wọ́n mú ọkọ́, wọ́n gbẹ́ ilẹ̀ lẹ́yìn ilé, wọn ò jẹ́ kí n ràn wọ́n lọ́wọ́, wọ́n sì rì í sí ìsàlẹ̀ tòun tọ̀rá. Wọ́n fọ ọwọ́ wọn lẹ́ẹ̀mejì. Wọn ò sọ pé àwọn dárí jì mí, wọn ò sì tíì sọ ọ́ títí di òní. Ṣùgbọ́n wọ́n na ọwọ́, wọ́n gba ọmọ.

Àtẹ́lẹwọ́ ni mo fi ń nu ojú rẹ̀ báyìí, n kì í lo aṣọ. Ọmọ náà gan-an ni mi ò tíì sọ fún. Lọ́jọ́ Àìkú tó kọjá, èrò pọ̀ nínú ọkọ̀, wọ́n há wa mọ́ra, ọwọ́ ọ̀tún mi ló bọ́ sí. Ó ń yí ọrùn, ó ń wá mi. Ó ní, “Màmi, ẹ bọ́ síbí, mi ò rí yín.”

Mo bẹ àwọn èrò, mo dìde, mo bọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kejì.