Ìpín Ìyá Wa Lórí Àpáta

Kí àwọn olókùúta tó dé, orí àpáta tó wà lẹ́yìn Òkè-Àgbò ni àwọn ìyá wa ń sá láfún sí. Kò sí ẹni tó mọ odi síbẹ̀, síbẹ̀ obìnrin kọ̀ọ̀kan mọ ìpín tirẹ̀. Ẹni tí kò bá sá nǹkan síbẹ̀ títí ẹ̀ẹ̀rùn fi lọ, ẹlòmíràn lè gba ibẹ̀.

Àwọn olókùúta fi ẹ̀tù fọ́ ìdajì àpáta, wọ́n kó o lọ fi ṣe títì fún ìlú onílùú, wọ́n sì bá tiwọn lọ. Irin tó ń dípẹtà àti ihò ńlá tí omi kún ni wọ́n fi sílẹ̀ fún wa. Ìpín ìyá wa ṣẹ́ kù díẹ̀, ní bèbè ihò gan-an.

Ẹ̀ẹ̀rùn àkọ́kọ́ lẹ́yìn ikú ìyá wa, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin rẹ pákí, ó ní kí n gbé bàsíà.

Mo ní, "Àǹtí mi, òrùn wà lẹ́yìnkùlé wa náà o."

Ó ní, "Bó o bá ń bẹ̀rù, sọ pé ò ń bẹ̀rù."

Èmi tí mo máa ń sọ fún àwọn ọmọ rẹ̀ pé ọkùnrin kì í sá, ìdí ni mo fi wọ́ dé bèbè yẹn, bàsíà lórí itan mi. Mo wá ibi tí ìyá wa máa ń tẹ́ mi sí kí n sùn tó bá ń yí láfún padà. Afẹ́fẹ́ ló wà níbẹ̀ báyìí, omi sì wà nísàlẹ̀ rẹ̀.

A ò tíì sá a tán tí ọkùnrin kan tó ń ṣọ́ ibẹ̀ fi dé. Ó ní ọ̀gá òun fẹ́ ra gbogbo ilẹ̀ náà, wọ́n ti sọ fún un pé ẹnì kankan kò lò ó mọ́.

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Kí la wá ń ṣe yìí?"

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kó o kí ọ̀gá tó dé."

"Ọjọ́ mẹ́ta ni láfún fi ń gbẹ. Bá mi sọ fún un."

Ó yíjú sí mi, bóyá ọkùnrin bíi tirẹ̀ á gbọ́ àlàyé. Mo ní ẹsẹ̀ mi ń gbọ̀n, mi ò lè dìde, nítorí náà mi ò lè lọ.

Ọ̀gá náà dé lọ́jọ́ kejì pẹ̀lú bàtà tó ń dán. Ó béèrè ẹni tó fún wa láyè. Ẹ̀gbọ́n mi ń yí láfún padà, kò gbójú sókè. Láti ìjókòó ni mo ti dá a lóhùn:

"Ìyá wa ni. Ẹ rọra, sà, ẹ ti fẹ́ tẹ láfún."