Ṣokoléètì Tí Kò Rí Iná

Ẹni tó bá ní oúnjẹ tí kò rí iná kò lè jóni, onítọ̀hún kò tíì ṣe ṣokoléètì fún àǹtí mi rí.

Orí fóònù ni mo ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Ní ṣọ́ọ̀bù tí mo ti ń ṣiṣẹ́ ní Òṣogbo, káàdì ìgbéyàwó àti kálẹ́ńdà la máa ń tẹ̀. Bí iná bá ti lọ, tí ọ̀gá wa kò sì tíì tan jẹnẹrétọ̀, kò sí ohun tí èèyàn á ṣe ju kó máa wo fóònù lọ. Ọjọ́ kan ni mo rí obìnrin kan tó ń po dábínù mọ́ kòkó, tó ń ṣù ú roboto roboto, tí kò sì tan sítóòfù rárá. Èmi tí mo ti búra pé n kò ní dán nǹkan dídùn kankan wò mọ́, lẹ́yìn kéèkì mi àkọ́kọ́ tó le bí búlọ́ọ̀kù, mo ní èyí ni tèmi.

N ó bu omi gbígbóná láti inú fíláàsì lé dábínù lórí, n ó jẹ́ kó rọ̀, n ó yọ kóró rẹ̀ kúrò. N ó gún un nínú odó kékeré tí a fi ń gún ata gbígbẹ. Ẹ fọ odó yẹn dáadáa o. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo ṣe é, ata ni gbogbo ilé ń sọ, kò sẹ́ni tó rántí dárúkọ ṣokoléètì. Lẹ́yìn náà ni n ó gé máńgòrò gbígbẹ àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó gbígbẹ wẹ́wẹ́, n ó rẹ́ àgbọn sí i, n ó da ẹ̀pà tí mo ti fọ́ mọ́ ọn, n ó wá bu páúdà kòkó lé e. Nínú gbogbo wọn, ẹ̀pà àti kòkó nìkan ló ti rí iná, ọ̀dọ̀ àwọn tó tà wọ́n fún mi ni wọ́n sì ti rí i. N ó fi òróró àgbọn pa ọwọ́, n ó máa ṣù ú bí ẹni ń ṣe róbó. Èyí tó bá jẹ́ ti àlejò pàtàkì, n ó gbé abọ́ ṣokoléètì tí mo rà lé orí omi gbígbóná títí yóò fi yọ́, n ó ri wọ́n bọ inú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, ó di inú fìríìjì. Iná kan ṣoṣo tí oúnjẹ yìí ń fẹ́ ni iná ìjọba tí yóò mú fìríìjì tutù, ẹ sì mọ bí ìyẹn ṣe rí ní Ìlobù tí mo ń gbé.

Àǹtí mi tí mo ń sọ yìí, àbúrò ìyá mi ni. Ọmọ Ìlobù ni bàbá mi, ọmọ Ìfọ́n ni ìyá mi. Mo wà ní kíláàsì kẹta nígbà tí ìyá mi kú, àǹtí mi ló wá mú mi lọ sí Ìfọ́n, ọ̀dọ̀ wọn ni mo sì gbé títí mo fi wọ sẹ́kọ́ńdìrì. Gánà ni ìyá àgbà bí wọn sí, ẹ̀yìn ni ìyá àgbà sì pọ̀n wọ́n sí wálé ní ọdún tí ìjọba ibẹ̀ ní kí àjèjì máa lọ. Oko kòkó olókòkó ni ìyá àgbà ti ṣiṣẹ́ lọ́hùn-ún. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ gbé ṣokoléètì mi dé Ìfọ́n, àǹtí mi ju ẹyọ kan sẹ́nu, wọ́n pa ojú dé.

Wọ́n ní, “Ìyá wa fi gbogbo ọjọ́ ayé wọn sá kòkó sóòrùn, wọn ò mọ̀ pé bó ṣe ń dùn nìyí.” Wọ́n mú òmíràn. “Ọwọ́ rẹ dùn, ọmọ mi.”

Mo fẹ́ kí ẹ mọ ìdí tí gbólóhùn yẹn fi ṣe pàtàkì sí mi. Lẹ́yìn ìjà ilẹ̀ tó wáyé láàárín ìlú méjèèjì, irú àwa tí bàbá wa wá láti apá kan, tí ìyá wa wá láti apá kejì, a di ẹni tí kò níbì kan. Ní Ìlobù, wọ́n ń pè mí ní ọmọ Ìfọ́n. Ní Ìfọ́n, wọ́n ń pè mí ní ọmọ Ìlobù. Ilé àǹtí mi nìkan ni mo ti jẹ́ ọmọ lásán, láìsí orúkọ ìlú kankan lẹ́yìn rẹ̀. Ohun kan tí mo ń dù nìyẹn, n kò sì fẹ́ kó bọ́ lọ́wọ́ mi.

Nígbà tí ọmọ-ọmọ àǹtí mi parí Kùránì, tí wọ́n fẹ́ ṣe wòlímà fún un, àǹtí mi fúnra wọn ló pè mí lórí fóònù. “Bá mi ṣe ṣokoléètì rẹ yẹn wá o, kó pọ̀. Mo fẹ́ kí àwọn èèyàn jẹ ẹ́, kí wọ́n mọ̀ pé mo lọ́mọ.”

Ọjọ́ méjì ni mo fi ṣe é. Mo wé ẹyọ kọ̀ọ̀kan sínú bébà dídán tí mo gé níbi iṣẹ́, mo tò wọ́n sínú kúlà pẹ̀lú yìnyín lábẹ́. Ní àkókò náà, ọlọ́kadà Ìlobù kì í kọjá ibi tí àwọn sọ́jà dúró sí láàárín ìlú méjèèjì nítorí ìjà náà. Èyí tó gbé mi já mi sílẹ̀ níbẹ̀, mo gbé kúlà rù, mo fẹsẹ̀ rìn kọjá, mo gun ọ̀kadà mìíràn lódìkejì. Sọ́jà kan ní kí n ṣí i, ó wò ó, ó bèèrè ọ̀kan, mo fún un ní méjì. Òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó jẹ nínú rẹ̀ lọ́jọ́ náà. Òun náà sì ni ẹni ìkẹyìn.

Ọmọ náà ké Kùránì, gbogbo èèyàn ní máṣàállà. Wọ́n gbé ìrẹsì wá, wọ́n gbé mọ́ínmọ́ín wá, wọ́n gbé ohun mímu àti bisikíìtì wá. Mo ń na ọrùn bíi àgùfọn, n kò rí bébà dídán mi. Nígbà tí ara mi kò gbà á mọ́, mo lọ sí ẹ̀yìnkùlé, mo bá ìyàwó ọmọ àǹtí mi níbi tó ti ń fọ abọ́.

“Ìyàwó wa, ṣokoléètì mi ńkọ́?”

Kò gbójú sókè. “Ẹ má bínú, Ẹ̀gbọ́n mi. Wọ́n ní ká má gbé e jáde.”

“Kí ló ṣe é?”

“Wọ́n ní nǹkan tí kò rí iná, tó tún wá láti Ìlobù, a ò lè mọ ohun tó wà nínú ẹ̀.”

Mo padà sábẹ́ kánópì, mo bẹ̀rẹ̀ sí í fi ojú ṣa àwọn àgbà àdúgbò tó jókòó síbẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ta ni nínú wọn? Bàbá onífìlà pupa kan tó ń wò mí láti àárọ̀ ni mo wá fura sí. Mo ní ojú rẹ̀ ni ojú ẹni tó lè sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí mo kúnlẹ̀ kí àǹtí mi pé ó dàbọ̀, wọ́n fọwọ́ lé mi lórí.

“Má dá wọn lóhùn,” ni wọ́n wí. “Ayé ti bàjẹ́. Máa fi ránṣẹ́ sí èmi, èmi mọ ọmọ mi.”

Mo sunkún dé ìdí ọ̀kadà, àmọ́ àánú àǹtí mi ló ń ṣe mí jù. Mo ní ẹ wo bí ará àdúgbò ṣe dójú ti obìnrin yìí lójú àlejò rẹ̀. Láti ìgbà náà, oṣooṣù ni mo ń fi ike ṣokoléètì kan ránṣẹ́ sí wọn. Bàbá onífìlà pupa ni mo wá gbé ìjà kà lórí. Mo pàdé bàbá yẹn lẹ́ẹ̀kan lẹ́nu ọ̀nà ilé àǹtí mi, ó kí mi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó bèèrè àlàáfíà bàbá mi. Mo dá a lóhùn pẹ̀lú ẹnu kíkan, n kò sì kúnlẹ̀. Ojú ṣì ń tì mí tí mo bá rántí.

Ó ku ọ̀la ká ṣọdún Iléyá nígbà tí mo ya Ìfọ́n láìsọ fún ẹnikẹ́ni. Àǹtí mi ti lọ sí àdúrà àsálátù, ìyàwó ilé nìkan ni mo bá. Ó ní kí n mu omi tútù nínú fìríìjì tó wà ní yàrá àǹtí mi. Mo ṣí i. Ike mi mẹ́ta ló wà níbẹ̀, méjì ti ṣófo, ẹ̀kẹta ku díẹ̀. Ẹyọ kan tilẹ̀ wà tí wọ́n gé jẹ láàbọ̀, tí wọ́n tún bébà rẹ̀ wé padà dáadáa. Inú mi kọ́kọ́ dùn.

“Àwọn ọmọ wá ń jẹ ẹ́ báyìí?”

“Rárá o. Wọn kì í fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n ń dá jẹ ẹ́ ni.”

“Àwọn wo?”

“Wọ́n. Màmá.”

Mo di ìlẹ̀kùn fìríìjì mú. “Àwọn tó ní kẹ́ ẹ má gbé e jáde ní ọjọ́ wòlímà ńkọ́?”

Ó wò mí bíi pé mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ Yorùbá. “Wọ́n náà ni, Ẹ̀gbọ́n mi. Ṣebí mo sọ fún yín lọ́jọ́ náà. Àbí kí n máa pe ìyá ọkọ mi ní ‘ó’ ni?”

Gbogbo oṣù wọ̀nyẹn, mo ti gbọ́ “wọ́n”, mo sì ti rí odindi àdúgbò. Ẹnìkan ṣoṣo ni. Ọ̀wọ̀ tí ìyàwó ilé fi bo ìyá ọkọ rẹ̀ ni mo kà sí ọ̀pọ̀ èèyàn. Àwọn àgbà ní kòkòrò tó ń jẹ ẹ̀fọ́, ìdí ẹ̀fọ́ ló wà. Èmi ń wá kòkòrò kiri inú igbó, mo tiẹ̀ ti fi fìlà pupa dé e lórí. Ó dùn mí, n kò ní purọ́. Ó dùn mí ju ọjọ́ tí àwọn ará Ìfọ́n kan lé wa lọ́nà oko nígbà ìjà ilẹ̀ lọ, nítorí àwọn tó lé wa lọ́jọ́ yẹn kò pè mí ní ọmọ wọn rí.

Nígbà tí àǹtí mi wọlé pẹ̀lú tẹ̀súbáà lọ́wọ́, mo kúnlẹ̀ bí mo ṣe máa ń ṣe. Ike tó ku díẹ̀ náà wà lórí tábìlì, èmi ni mo gbé e síbẹ̀. Wọ́n rí i, wọ́n jókòó láìdáhùn ìkíni mi.

Mo ní, “Àǹtí, ẹ̀yin lẹ ní wọn kò gbọdọ̀ gbé e jáde.”

Wọ́n yí tẹ̀súbáà díẹ̀. “O ò mọ bí ibí ṣe rí nígbà yẹn. Bí inú bá run ọmọ ẹnìkan níbẹ̀, èmi ni wọ́n máa ní mo kó ọ̀tá wọlé. Àárín wọn ni mo ń gbé.”

“Ẹ̀yin lẹ pè mí pé kí n ṣe é wá.”

“Mo ti pè ọ́ kí n tó rò ó.”

“Ẹ ò bá sọ fún mi. N bá gbé e padà sílé.”

Wọ́n ń ka tẹ̀súbáà lọ. Mo wá bi wọ́n ní ohun tí mi ò bá má bi wọ́n. “Ẹ ò wá bẹ̀rù láti máa jẹ ẹ́?”

Wọ́n rẹ́rìn-ín músẹ́, ẹ̀rín ìfẹ́ tí mo mọ̀ láti kékeré. “Kí ni n ó bẹ̀rù? Èmi tí mo tọ́ ọ dàgbà! Mo mọ ọwọ́ rẹ.”

Ká ní wọ́n bẹ̀rù mi ni, n bá rí nǹkan fi tu ara mi nínú. N bá ní ìjà ló dẹ́rù bà wọ́n, ìjà dẹ́rù ba gbogbo wa. Àmọ́ wọ́n mọ̀. Wọ́n mọ̀ pé kò sí ohun kankan nínú ṣokoléètì náà, wọ́n sì fi ẹnu ara wọn sọ ọ́ lójú ìyàwó ilé pé ó lè wà níbẹ̀.

Ní ilé àǹtí mi, ọmọ tó bá kúnlẹ̀ kì í dìde títí àgbà yóò fi ní kó dìde. Àwọn fúnra wọn ló kọ́ mi. Orúnkún mi ṣì wà nílẹ̀, wọn kò tíì sọ ọ́, wọ́n ń na ọwọ́ sí ike.

Mo dìde.