Bí Ìyá Àgbà Ṣe Kúrò ní Erékùṣù

Láti ìgbà tí orúnkún ti ń yọ Ìyá Àgbà lẹ́nu, inú kọ̀ǹpútà ló ti ń rìn. Mi ò ṣàwàdà. Obìnrin tó máa ń ru gààrí láti Igbó-Ọrà lọ sí Ìdèrè lọ́jọ́ ọjà, tó tún máa ń fẹsẹ̀ rìn bọ̀, tó máa ń fi àwọn tó gun ọ̀kadà ṣe yẹ̀yẹ́ pé ẹsẹ̀ wọn ti kú, òun náà ló wá di ẹni tó ń di ògiri mú kó tó lè ti yàrá dé ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ìyá tó bí ìyá wa ni. Èmi ni mo ń gbé pẹ̀lú rẹ̀, torí pé ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tí mo ti ń kọ́ni kò jìnnà sílé.

Nígbà ọlidé kan ni ó jókòó tì mí níbi tí mo ti ń ta géèmù. Géèmù náà jẹ́ irú èyí tí èèyàn máa ń dá ẹnì kan sínú rẹ̀, tí á fún un lójú, nímú àti aṣọ, tí á wá máa rán an kiri inú igbó, orí òkè àti ìlú oríṣiríṣi, tí á máa jẹ́ iṣẹ́ fún àwọn ará ibẹ̀. Ìyá Àgbà bi mí pé ta ni mo ń darí kiri yẹn. Mo ní ẹnikẹ́ni tó bá wu èèyàn ló lè dá. Ó ní ó dáa, kí n dá òun.

Bẹ́ẹ̀ la ṣe dá a. A fún un ní awọ dúdú dáadáa, a fún un ní ewú. Ilà kò sí nínú géèmù náà, àmọ́ àpá ogun wà, a sì rí èyí tó jọ pélé lẹ́rẹ̀kẹ́. Ìyá Àgbà ní kí n tún orúnkún ṣe kó le. Mo wá ibi tí wọ́n ti ń tún orúnkún ṣe títí, mi ò rí i. Mo sọ fún un pé gbogbo orúnkún inú géèmù ló le. Ó ní òun ti mọ̀ pé ìlú ọ̀làjú ni.

Kì í jà. Ibi tí àwọn yòókù ti ń yọ idà, ewé ni òun máa ń ní kí n já, kí n gbé e lọ tà. Lọ́sàn-án gbogbo, tí mo bá ti ilé-ìwé dé, á ti fi òrí pa orúnkún, á ti wọ awò ojú rẹ̀, á ní, "Níbo ni mo dé lánàá?" Mi ò mọ ohun tó dùn mọ́ èmi fúnra mi jù ú lọ nígbà yẹn.

Kọ̀ǹpútà náà kì í ṣe tèmi nìkan. Èmi àti ìkejì mi la jọ rà á. Èmi ni mo kọ́kọ́ jáde sáyé, òun ló tẹ̀lé mi, ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ ẹ̀gbọ́n mi, bí wọ́n ṣe ń kà á nílẹ̀ wa, kò sì fìgbà kan jẹ́ kí n gbàgbé. Èrúwà ló ti ń ṣiṣẹ́. Kọ̀ǹpútà á wà lọ́dọ̀ mi fún ọ̀sẹ̀ díẹ̀, á wá gbé e lọ, á tún gbé e padà. Òun náà ní ẹni tirẹ̀ nínú géèmù yẹn, jagunjagun kan tó sanra bí òpó ilé.

Òun ló gbé mọ́ọ̀dù wọlé. Mọ́ọ̀dù ni wọ́n ń pe ohun tí àwọn tó ń ta géèmù fúnra wọn ṣe, tí wọ́n fi kún èyí tí a rà. Òmíràn ò ju fìlà tuntun lọ. Èyí tí ẹ̀gbọ́n mi gbé wá, odidi erékùṣù ni: ìlú, ọjà, oko, etíkun, èèyàn rẹpẹtẹ, ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn ló sì ní iṣẹ́ tó fẹ́ kí wọ́n bá òun jẹ́. Ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n ń wọ̀ débẹ̀. Ọjọ́ tí Ìyá Àgbà dé erékùṣù yẹn, kò fẹ́ kúrò mọ́.

Níbẹ̀ ló ti rí alábàárù rẹ̀. Ọkùnrin kan ni, irùngbọ̀n rẹ̀ funfun, ó máa ń tẹ̀ lé èèyàn kiri, á sì bá a ru ẹrù. Gbólóhùn mélòó kan ló mọ̀, gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo rẹ̀, èmi ni mo ń túmọ̀. Bó bá sọ pé òun wà lẹ́yìn rẹ, mo máa ń sọ fún Ìyá Àgbà pé, "Ó ní òun wà lẹ́yìn yín, Ìyá." Kò sí ẹ nínú gẹ̀ẹ́sì, èmi ni mo fi í sí i lẹ́nu. Mi ò lè jókòó kí ọkùnrin kan máa ṣe ìwọ fún ìyá mi àgbà, ìbáà jẹ́ inú kọ̀ǹpútà. Ìyá Àgbà máa ń dá a lóhùn pé ó ṣeun, ó sì máa ń sọ fún mi pé ọmọlúàbí ni.

Nígbà tó yá, kọ̀ǹpútà kún. Erékùṣù yẹn ló gba ibẹ̀ tán. Tí a bá tan géèmù, á máa fà, á dúró, nígbà míì á kàn pa ara rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi gbé e lọ sí Èrúwà nígbà tó kàn án, ó ní òun máa yọ mọ́ọ̀dù náà kúrò.

Ẹ má rò pé ẹni tí kò bìkítà ni. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́ lọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ láti kékeré, ọ̀rọ̀ yẹn sì máa ń sú mi. Ó ti ka gbogbo ohun tí àwọn tó mọ̀ ọ́n ṣe kọ sórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ó sì kà á fún mi lórí fóònù bí ẹni ń wàásù. Wọn kì í ṣàdédé fa mọ́ọ̀dù ńlá tu. Èèyàn á kọ́kọ́ ṣe ẹ̀dà ìrìn àjò rẹ̀ pa mọ́. Á parí iṣẹ́ tó bá gbà lọ́wọ́ àwọn ará ibẹ̀. Á ní kí ẹni tó ń tẹ̀ lé e máa lọ. Á kó ohun ìní ibẹ̀ kúrò nínú àpò. Á wọkọ̀ padà sí ìlú àtijọ́, á séèfù níbẹ̀, ìyẹn ni pé á ní kí kọ̀ǹpútà tọ́jú ibi tí ìrìn àjò rẹ̀ dé, ìgbà yẹn ni á tó yọ ọ́. Bí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, ilẹ̀ tó dúró lé á kúrò lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Ó ṣe gbogbo rẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ, mo sì yìn ín.

Kí ló wá ṣe? Jagunjagun tirẹ̀ nìkan ló mú jáde. Ti Ìyá Àgbà ṣì wà ní etíkun erékùṣù, níbi tí a fi í sí, òun àti alábàárù rẹ̀.

Ẹni tí kò bá jẹ́ ìbejì lè máà lóye bí irú ẹ̀ ṣe ń ṣẹlẹ̀. Nínú agbo ilé wa, bí ọ̀kan nínú wa bá ti kí àgbà, àwa méjèèjì ti kí i nìyẹn. Bí wọ́n bá rán ẹ̀gbọ́n mi níṣẹ́ tí èmi lọ, kò sẹ́ni tó máa bèèrè. Bí wọ́n bá ta wá lọ́rẹ, ẹnì kan ló ń lọ dúpẹ́. Bẹ́ẹ̀ la ṣe dàgbà. Nígbà tí jagunjagun rẹ̀ wọkọ̀ kúrò ní erékùṣù, lójú tirẹ̀, gbogbo ilé wa ti kúrò níbẹ̀ nìyẹn.

Àárọ̀ Sátidé ló gbé kọ̀ǹpútà dé. Ìyá Àgbà ti wẹ̀, ó ti jókòó sáyè rẹ̀. A tan géèmù, a ṣí ìrìn àjò rẹ̀. Àkọlé kan jáde pé àwọn nǹkan kan kò sí mọ́, ṣé a fẹ́ tẹ̀ síwájú? Mi ò tíì ka ìdajì rẹ̀ tí ẹ̀gbọ́n mi ti tẹ bẹ́ẹ̀ ni. Ohun tí a rí ni ojú ọ̀run aláwọ̀ eérú àti omi. Kò sí etíkun, kò sí ọjà, kò sí alábàárù. Ìyá Àgbà inú géèmù ń já bọ́ láàárín òfuurufú, apá rẹ̀ nà gbalaja, ó ń já bọ́, kò dé ilẹ̀. Kọ̀ǹpútà dúró gbagidi, géèmù sì pa ara rẹ̀.

Ìyá Àgbà wojú kọ̀ǹpútà, ó wojú mi.

"Èmi dà?"

Orí mi gbóná. Mo já máòsì gbà lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n mi, mo ní kó má séèfù ohunkóhun, kó má tilẹ̀ mí sí i. Gbogbo ohun tó wà nínú mi ni mo sọ sí i, mo ní ṣé ìyá àgbà òun náà kọ́ ni. Kò bá mi jiyàn. Ó ti rí ohun tó ṣe, ojú rẹ̀ ti rẹ̀ sílẹ̀. Ó ní níwọ̀n ìgbà tí a kò tíì séèfù lé e, ìrìn àjò Ìyá Àgbà ṣì wà bó ṣe wà, àmọ́ a gbọ́dọ̀ dá erékùṣù padà kó tó lè rí ilẹ̀ dúró. Mọ́ọ̀dù náà wà nínú fúláàṣì tó fi ń kó nǹkan kọ̀ǹpútà pa mọ́. Fúláàṣì wà ní Èrúwà.

Ó jáde lọ wọ mọ́tò. Mo gbé oúnjẹ fún Ìyá Àgbà, kò jẹ ẹ́. Ó kàn ń fi ọwọ́ pa orúnkún rẹ̀. Mo sọ fún un pé bí kò bá tilẹ̀ ṣeé ṣe, mo lè dá òmíràn, pẹ̀lú pélé àti ewú. Ó mi orí. "Ibẹ̀ nìkan ni mo ti ń rìn," ló sọ. Mo wọ yàrá lọ ṣe bí ẹni ń wá nǹkan, torí mi ò fẹ́ kó rí ojú mi.

Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi dé, òógùn ti bò ó. Ó fi fúláàṣì sára kọ̀ǹpútà, ó dá erékùṣù padà, ó sì pẹ́ kó tó wọlé tán. A ṣí i. Etíkun ló kọ́kọ́ yọ, lẹ́yìn náà obìnrin arúgbó tó jókòó sórí àpáta. Ọkùnrin onírùngbọ̀n funfun dúró tì í, ó sì sọ tẹnu rẹ̀. Mo ní, "Ó ní òun wà lẹ́yìn yín, Ìyá." Ìyá Àgbà mí kanlẹ̀, ó ní kí n gbé oúnjẹ òun wá.

Lẹ́yìn tó jẹun tán ni ẹ̀gbọ́n mi dọ̀bálẹ̀ fún un, ó sì ṣàlàyé pé erékùṣù náà kò lè wà níbẹ̀ mọ́, pé yóò ba gbogbo rẹ̀ jẹ́. Mo rò pé yóò bínú. Ó ní àjò kì í dùn kí onílé má relé, kó máa sọ bí a ṣe ń lọ. Àmọ́ òun máa dágbére.

Iṣẹ́ kan péré ló kù fún un níbẹ̀, opó kan tó ní kó bá òun wá àjẹ̀ ọkọ̀ tó sọnù. A wá a rí. Lẹ́yìn ìyẹn, Ìyá Àgbà ní kí n yà sí ọjà. Ó kí ẹlẹ́ja pé ó dàbọ̀, ó kí alágbẹ̀dẹ, ó kí ẹ̀ṣọ́ ẹnu ibodè tó jẹ́ pé ohun kan ṣoṣo tó mọ̀ ọ́n sọ ni pé kí èèyàn má dá wàhálà sílẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ń mí kanlẹ̀ lẹ́yìn wa. Ó ní àwọn wọ̀nyí kò sí nínú ìlànà, alábàárù nìkan ló ṣe pàtàkì. Ìyá Àgbà ní ẹni tó bá kí òun káàbọ̀, òun ò ní lọ kó má mọ̀.

A dé ọ̀dọ̀ alábàárù. Ẹ̀gbọ́n mi ní ká kọ́kọ́ gba gbogbo ẹrù lọ́wọ́ rẹ̀. Ohun tó dára jù tí Ìyá Àgbà ní ló wà lọ́wọ́ ọkùnrin yẹn: oyin, òrùka fàdákà, aṣọ òtútù onírun kan tí a ti wá kiri kí a tó rí i.

"Kí ni mo fẹ́ gbà lọ́wọ́ rẹ̀?"

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Ẹrù yín ni, Ìyá. Bí a bá ti yọ ọ́, kò ní sí mọ́. Òun àti ohun tó bá wà lọ́wọ́ rẹ̀, gbogbo rẹ̀ ló máa parẹ́."

Ìyá Àgbà wo ọkùnrin náà fún ìgbà díẹ̀. Lẹ́yìn náà ó yíjú sí mi, ó ní kí n fi búrẹ́dì tó wà nínú àpò òun kún tirẹ̀. Mo fi kún un. Ó ní kí n fi aṣọ òtútù náà wọ̀ ọ́.

Ẹ̀gbọ́n mi tún fẹ́ sọ̀rọ̀. Ìyá Àgbà ò jẹ́ kó parí rẹ̀. "Mo gbọ́ ohun tí o sọ. Ẹni tó ti ń ru ẹrù mi láti ìgbà yìí, ṣé kí n wá rán an lọ lọ́wọ́ òfo, torí pé ibi tó ń lọ ò dáa?"

Mo tẹ ibi tí wọ́n ti ń ní kó máa lọ. Ọkùnrin náà sọ gbólóhùn kan tí a kò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ rí, mo sì túmọ̀ rẹ̀ pé, "Ó ní iyì ńlá ló jẹ́ fún òun láti bá yín rìn, Ìyá." Ó yí padà, ó ń gun òkè lọ pẹ̀lú aṣọ onírun lọ́rùn. Ìyá Àgbà ò jẹ́ kí n kúrò níbẹ̀ títí a ò fi rí i mọ́.

A wọkọ̀, a dé ìlú àtijọ́, a séèfù. Ẹ̀gbọ́n mi yọ erékùṣù, ó tún géèmù tàn. Mo ṣí i. Kò sí àkọlé kankan. Obìnrin arúgbó dúdú kan dúró ní ojú ọ̀nà, pélé lẹ́rẹ̀kẹ́, ilẹ̀ gidi lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Mo tẹ iwájú, ó sì rìn. Ìyá Àgbà rẹ́rìn-ín, ó gbá orúnkún ara rẹ̀, ó ní yéè, ó tún rẹ́rìn-ín.

Ìgbà tó rẹ́rìn-ín tán ló wá wo ẹ̀gbọ́n mi, tó ti ń palẹ̀ mọ́ láti padà sí Èrúwà.

"Alábàárù yẹn náà kọ́ ló ń tẹ̀ lé ìwọ náà? Kí lo fún tìẹ nígbà tó ń lọ?"

Ẹ̀gbọ́n mi wo ilẹ̀. Mo mọ̀ ọ́n, ìlànà ni tirẹ̀ títí dé òpin. Ó ní òun gba gbogbo nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀.

"Bàtà ńkọ́?"

"Mo gba bàtà náà, Ìyá."

Ìyá Àgbà ò bá a jà. Ó kàn ní kí n dìde fún un lórí àga. Ẹ̀gbọ́n mi rẹ́rìn-ín bí ẹni ojú ń tì, ó sì tún tọwọ́ bàpò mú fúláàṣì. Ó dá erékùṣù padà, ó sì ṣí ẹ̀dà ìrìn àjò rẹ̀ tó ṣe pa mọ́ kí jagunjagun rẹ̀ tó kúrò níbẹ̀, ó sì pàdánù gbogbo ohun tó ti ṣe láti ìgbà náà. Ọkọ̀ Èrúwà tó kẹ́yìn lọ láìsí i nínú rẹ̀. Nígbà tí mo gbé oúnjẹ alẹ́ dé, Ìyá Àgbà ti sùn lọ lórí àga. Bàtà ọkùnrin náà ti padà sí ẹsẹ̀ rẹ̀ nínú géèmù. Búrẹ́dì ni ẹ̀gbọ́n mi ń fi kún àpò rẹ̀, kò sì sí ẹni tó rán an.