Ipa Gbọ́mọgbọ́mọ Tí Mo Kó

Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi ṣe eré kí ẹnikẹ́ni tó dá ojú mi mọ̀. Mo ti ṣe ọmọ ọ̀dọ̀, mo ti ṣe nọ́ọ̀sì tí gbólóhùn kan ṣoṣo wà lẹ́nu rẹ̀, mo sì ti ṣe òkú lẹ́ẹ̀mejì. Ní Ketu tí mò ń gbé, télọ̀ ni àwọn aládùúgbò rò pé mo jẹ́, mi ò sì bá wọn jiyàn. Ìgbà tó yá ni wọ́n fún mi ní ipa gbọ́mọgbọ́mọ, obìnrin tó ń fi bisikíìtì tan ọmọ ọlọ́mọ lọ. Mo ṣe é dáadáa, ìyẹn gan-an ló fẹ́ pa mí.

Fíìmù náà ti wà lórí CD fún bí oṣù méjì nígbà tí mo lọ ra tòmátì ní Mile 12. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn apẹ̀rẹ̀ ni mo ti rí ọmọbìnrin kékeré kan tó ń sunkún, tó ń pe ìyá rẹ̀. Mo nu imú rẹ̀, mo gbé e pọ̀n ká lè jọ wá ìyá rẹ̀ kiri. Kò dákẹ́. Ni mo bá ki ọwọ́ bọ báàgì, mo fún un ní bisikíìtì. Orí mi ò sọ fún mi.

Alábàrù kan tó ru àpò àlùbọ́sà dúró níwájú mi.

"Aunty, ọmọ ta nìyẹn?"

"Mi ò mọ̀. Ìyá ẹ̀ ni mò ń wá."

Ó wò mí, ó wo bisikíìtì, ó sọ àpò kalẹ̀. "Mo mọ ojú yìí. Gbọ́mọgbọ́mọ ni."

Kí n tó mí, wọ́n ti yí mi ká. Ẹnì kan já ọmọ gbà lẹ́yìn mi. Mo gbọ́ tí ẹlòmíràn ń béèrè táyà, ará Èkó ni mí, mo mọ ohun tí wọ́n fẹ́ fi táyà ṣe. Ẹ̀rù bà mí débi pé mo tọ̀ sára.

"Òṣèré ni mí," mo ní. "Eré ni."

Ìyá àgbà aláta kan ní kí wọ́n ṣe sùúrù. "Tó bá jẹ́ òṣèré ni, kó sunkún bó ṣe sun ún nígbà tí wọ́n mú un nínú fíìmù yẹn. Èmi gan-an bá a sunkún."

Gbogbo wọn ń wò mí. Ẹkún tí mo fi ń yangàn níbi tí a ti ń ya fíìmù kọ̀, kò wá. Ojú mi gbẹ táútáú.

Ibẹ̀ la wà tí ìyá ọmọ fi sáré dé, láìwọ bàtà. Ó ní òun lòun fi ọmọ sílẹ̀ lọ wo ọjà, kò sẹ́ni tó gbé e. Ó kúnlẹ̀ fún mi. "Ẹ ṣé, Mà." Ó wá gbójú sókè, ó dá ojú mi mọ̀. Ó gba bisikíìtì lọ́wọ́ ọmọ rẹ̀, ó jù ú sínú ẹrẹ̀.

Nígbà tí wọ́n tú ká, aláta yẹn ló fún mi ní ìró tí mo ró délé.

Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, olùdarí wa pè mí pé wọ́n fẹ́ ṣe apá kejì. Ebi kì í wọ inú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́, mo gbà. Nígbà tí mò ń bọ̀ láti ibi eré yẹn ní Ikosi, mo rí ọmọ kan tó ń dá sunkún níwájú ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n ti tì. Mo sọdá sí òdìkejì títì, mo sì mú ẹsẹ̀ yá.