Ìlà Tó Ń Kúrú Lójú Pátákó Tíṣà

Ọdún mọ́kànlá ni mo fi gbá kíláàsì Tíṣà Onísáìnì. Àwọn ọmọ iléèwé ló sọ ọ́ lórúkọ yẹn. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, bíi igi ìgbálẹ̀ mi gan-an, bọ́tìnnì ẹ̀wù ẹ̀ kì í pé, ṣọ́ọ̀kì tó wà lápò ẹ̀ sì pọ̀ ju oúnjẹ inú ẹ̀ lọ. Ìyàwó ẹ̀ ti kú, ọmọbìnrin ẹ̀ kan ṣoṣo ti wà nílé ọkọ. Ìṣirò ló wá fi ṣe ìyàwó.

Èmi ò kàwé kọjá ìwé mẹ́ta. Àmọ́ lọ́jọ́ kan tí mo fi ìgbálẹ̀ gígùn ti ògiri, ó ní, "Ìyá Kọ́kọ́rọ́, má tíì mú un. Wo igun tí igi yẹn ṣe pẹ̀lú ilẹ̀. Ká pe gígùn igi ní ọ̀kan. Ibi tí orí ẹ̀ ga dé lára ògiri, sáìnì nìyẹn. Bí ìdí ẹ̀ ṣe jìnnà sí ògiri, kósáìnì nìyẹn."

"Tíṣà, ẹ jẹ́ n gbálẹ̀."

"Sáìnì ní ìgbà sáìnì, kósáìnì ní ìgbà kósáìnì, ro méjèèjì pọ̀, ọ̀kan ni. Fa ìdí igi síwájú, orí á sọ̀ kalẹ̀, igi ò ní gùn, kò ní kúrú. Tí sáìnì bá jẹ́ mẹ́ta nínú márùn-ún, kósáìnì ńkọ́?"

Mo fìka kà á. Mẹ́sàn-án nínú mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n, ó ku mẹ́rìndínlógún, mẹ́rin ní ìgbà mẹ́rin. "Mẹ́rin nínú márùn-ún."

Ó rẹ́rìn-ín. "Àwọn tó ń sanwó iléèwé ò tíì mọ̀ ọ́n."

Ohun tó fẹ́ràn jù ni kó kọ ìṣirò gbọọrọ bí ejò, kó wá máa fi èyí pààrọ̀ ìyẹn, kó máa fi ìyẹn pa èyí rẹ́, títí á fi ku nǹkan kan péré.

Ọjọ́ Ẹtì kan, ó kọ ọ̀kan tó gba ìlà mẹ́ta lójú pátákó. Kò tíì bẹ̀rẹ̀ sí í dín in kù tó fi ṣubú síbẹ̀, ṣọ́ọ̀kì lọ́wọ́. Wọ́n gbé e lọ sọ́sibítù. Ọ̀gá iléèwé ní ká má nu pátákó, ká tilẹ̀kùn. Mo tì í. Ọrùn mi ni kọ́kọ́rọ́ wà, kò sí èkejì, irin ló wà lójú fèrèsé.

Nígbà tí mo ṣílẹ̀kùn láàárọ̀ Ọjọ́ Ajé, ìlà méjì ló kù.

Mo ní ojú mi ni. Lọ́jọ́ kejì, ìlà kan ni. Ohun tí Tíṣà máa ń pè ní tángẹ́ǹtì ti lọ, sáìnì lórí kósáìnì ló wà nípò ẹ̀. Lọ́jọ́ kẹta, kósáìnì méjì ti pa ara wọn rẹ́. Ọwọ́ Tíṣà ni, mo mọ ìrù tó máa ń fà sídìí lẹ́tà. Ìyẹ̀fun ṣọ́ọ̀kì sì wà nílẹ̀ tí mo gbá lánàá.

Mo pe ọmọ ẹ̀. "Ọmọ mi, bàbá ńkọ́?"

"Ó ń rẹ̀ wọ́n sí i ni, mà. Wọn ò lajú. Ọwọ́ ọ̀tún wọn nìkan ló ń rìn lórí aṣọ ìbora, bí ẹni ń kọ̀wé."

Bí ìlà ṣe ń kúrú ni èémí ẹ̀ ń kúrú.

Ní Ọjọ́bọ̀, ohun tó kù ò ju èyí lọ: kósáìnì ní ìgbà kósáìnì, àmì ìròpọ̀, sáìnì ní ìgbà sáìnì. Èmi aláìkàwé mọ ohun tó kàn. Ọ̀kan ló kàn. Lẹ́yìn ọ̀kan, kò sóhun tí wọ́n ń dín kù mọ́.

Ṣé kí n nù ún ni? Tí mo bá wá nu Tíṣà alára mọ́ ọn ńkọ́? Mo tutọ́ síka, mo nu igi òòró tó wà nínú àmì ìròpọ̀. Ó ku ìbú nìkan. Ó di àmì ìyọkúrò.

Mo sọ fún yàrá òfìfo yẹn pé, "Ó yá, ẹ sọ ìyẹn di ọ̀kan ká wò ó."

Lọ́jọ́ kejì, fóònù dún kí n tó ki kọ́kọ́rọ́ bọlẹ̀kùn. "Mà, bàbá ti lajú o. Wọ́n ní ta ló fọwọ́ kan iṣẹ́ àwọn."

Mo ṣílẹ̀kùn. Kósáìnì kan ló wà lójú pátákó, pẹ̀lú èèjì kan níwájú igun ẹ̀.

Oṣù kan lẹ́yìn náà ló padà sẹ́nu iṣẹ́. Mo bi í pé kí ni èèjì yẹn ń wá níbẹ̀.

"Tí wọ́n bá ro sáìnì ní ìgbà sáìnì mọ́ kósáìnì ní ìgbà kósáìnì, ọ̀kan ni. Tí wọ́n bá yọ ọ́ kúrò, kò lè di ọ̀kan mọ́. Kósáìnì ìlọ́po méjì igun yẹn ló máa dà." Ó wo ìka mi. "O ṣeun, Ìyá Kọ́kọ́rọ́. O ò mọ ohun tó o ṣe ni."

Ó jáde. Mo ń gbálẹ̀ lọ, mo ń gbọ́ ẹsẹ̀ ẹ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ìró bàtà tó ń wọ́ díẹ̀. Ìró bàtà kejì ń tẹ̀ lé e, òun náà ń wọ́ bákan náà. Igun nìkan kọ́ ló di ìlọ́po méjì. Mi ò bojú wẹ̀yìn.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, mo gbé àga kejì sẹ́gbẹ̀ẹ́ tiẹ̀. Kò bi mí nídìí ẹ̀. Nígbà tí iléèwé parí, mo fọwọ́ kan àga méjèèjì. Méjèèjì ló lọ́wọ́ọ́wọ́.