Ẹ Kà Á Padà Fún Mi

Lẹ́nu iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tí mò ń ṣe, bí dókítà bá pàṣẹ lórí fóònù, ẹnì kan ò gbọ́dọ̀ kàn sọ pé òun ti gbọ́. A ó kọ àṣẹ náà sílẹ̀, a ó kọ aago sí i, a ó sì kà á padà fún un. Àṣà yìí ti wọ̀ mí lára débi pé bí mo bá rán ọmọbìnrin mi ní búrẹ́dì, màá ní kó tún un sọ. Á ní, "Mummy, mo ti gbọ́ nau!"

Nígbà tí wọ́n mú àbúrò mi ọkùnrin nítorí ìwé ìgbélùú, ọ̀dọ̀ mi ní Beltsville, ní ìpínlẹ̀ Maryland l'Amẹ́ríkà níbí, ló ń gbé. Lọ́yà wa sáré lọ sí kọ́ọ̀tù, adájọ́ sì pàṣẹ pé wọn ò gbọ́dọ̀ gbé e kúrò ní Maryland títí wọn yóò fi gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀. Ẹ̀dà àṣẹ náà dé sórí fóònù mi. Mo pe ọ́fíìsì àtìmọ́lé lójú ẹsẹ̀, mo kà á fún ọ̀gá tó gbé fóònù. Ó ní òun ti gbọ́.

Mo ní, "Rárá o, sà. Ẹ kà á padà fún mi."

Ó kanra mọ́ mi. Mo ní mi ò kúrò lórí fóònù. Nígbà tó sú u, ó tún gbogbo rẹ̀ sọ. Aago méjì kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni. Mo kọ ọ́ sínú ìwé kékeré tó máa ń wà lápò aṣọ iṣẹ́ mi.

Ní aago mẹ́ta, wọ́n gbé àbúrò mi sínú bààlúù, ó di Texas. Háà! Inú bí mi gan-an. Àwọn èèyàn ní kí n rọra, pé ìjọba ni. Kí n rọra ṣe kí ni? Èmi tí mò ń wẹ ìyá wọn, tí mò ń fún bàbá wọn lóúnjẹ!

Adájọ́ ní kí àwọn ará ọ́fíìsì àtìmọ́lé wá wí tẹnu wọn lórí títàpá sí àṣẹ kọ́ọ̀tù. Ọ̀gá yẹn kan náà ló dé, ó búra, ó ní àṣẹ ò dé ọ̀dọ̀ wọn kí bààlúù tó gbéra. Irọ́ gbuu! Wọ́n pè mí wá jẹ́rìí, mo ṣí ìwé mi. Lọ́yà ìjọba rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ní ṣé ó dá mi lójú pé mi ò ṣàṣìṣe.

Mo ní, "Bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí náà ni mo ṣe ń fún èèyàn lóògùn. Bí mo bá ṣàṣìṣe, èèyàn á kú. Ẹ bi ọ̀gá yẹn ohun tó bí i nínú lórí fóònù."

Adájọ́ bi í. Ọ̀gá náà ní lóòótọ́, obìnrin kan mú òun tún àṣẹ kan sọ kí bààlúù tó gbéra.

Adájọ́ ní kí àbúrò mi ti padà sí Maryland kó tó di ọ̀sán ọ̀túnla, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ọ̀gá náà yóò sun àtìmọ́lé. Ọ̀gá ní òun ti gbọ́.

Adájọ́ wojú mi, ó tún wojú rẹ̀. Ó ní, "Ẹ kà á padà."

Ó kà á. Èmi náà yọ bírò. Bààlúù àbúrò mi balẹ̀ sí Maryland ní ọ̀túnla yẹn, aago mọ́kànlá àárọ̀. Ìyẹn náà wà nínú ìwé.